Bí A Ṣe Ń Di Production Designer Nínú Iṣẹ́ Fíìmù

Àwọ̀ ògiri, àga tí bàbá jókòó lé, pátákó iwájú ṣọ́ọ̀bù, eruku ara fèrèsé: gbogbo ohun tí a ń rí lẹ́yìn òṣèré nínú fíìmù, ẹnì kan ló pinnu pé kó wà níbẹ̀. Iṣẹ́ production designer nìyẹn. Lọ́dọ̀ wa, Pat Nebo ló ṣe é nínú October 1 tí Kunle Afolayan darí, fíìmù ọdún 2014 tó gbé wa padà sí ọdún 1960.

O lè kọ́ nípa rẹ̀ ní ẹ̀ka eré orí ìtàgé ní Ifẹ̀ tàbí Ìbàdàn, tàbí kí o kọ́ iṣẹ́ ọnà ní YabaTech. Ṣùgbọ́n lábẹ́ ọ̀gá lo ti máa mọ̀ ọ́n dáadáa. Bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ àwọn tó ń kó ẹrù séètì, ìyẹn ibi tí a tò fún yíya fíìmù, kí o sì sún mọ́ káfíńtà àti akunlé.

Tí ìwé eré bá dé ọwọ́ rẹ, kọ́kọ́ kà á tán láìmú bírò dání. Nígbà kejì, kọ ohun tí ìran kọ̀ọ̀kan nílò sílẹ̀. Bí wọ́n bá kọ ọ́ pé ọkùnrin kan mu omi, ìwọ lo máa pinnu bóyá igbá ni, ife tánńganran ni, tàbí ife dígí. Òǹwòran á ti mọ irú ilé tó jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó lanu.

Ìwádìí ìgbà ló kàn, òun ló le jù, òun ni mo sì fẹ́ràn jù. Ká ní Ìbàdàn ọdún 1965 ni ìtàn ti ṣẹlẹ̀. Pọ́n-ùn àti ṣílè ni ìyá ọlọ́jà máa kà, torí oṣù kìíní ọdún 1973 ni náírà dé. Apá òsì títì ni mọ́tò ń gbà. Oṣù kẹrin ọdún 1972 la tó bọ́ sí apá ọ̀tún. A kò lè kọ Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ sára pátákó, torí 1976 ni wọ́n dá a sílẹ̀. Nọ́ńbà fóònù tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú 080 kò sí, ọ̀rá píọ̀ wọ́tà kò sì gbọdọ̀ sí lẹ́bàá gọ́tà. Lójú tèmi, yíyọ ohun tí kò tíì dé ayé kúrò ṣe pàtàkì ju kíkó ẹrù àtijọ́ jọ. Ọ̀pọ̀ òǹwòran ò ní mọ ọdún tí wọ́n kan àga, ṣùgbọ́n díìṣì tẹlifíṣọ̀n kan lórí òrùlé ti ba gbogbo rẹ̀ jẹ́.

Lọ wo ìwé ìròyìn àtijọ́ ní National Archives tó wà nínú Yunifásítì Ìbàdàn. Bẹ àwọn àgbà kí wọ́n fi fọ́tò ìgbéyàwó wọn hàn ọ́, kí o sì wo ẹ̀yìn ìyàwó: rédíò, kàlẹ́ńdà, aṣọ fèrèsé.

Lẹ́yìn náà, jókòó ti olùdarí, oníkámẹ́rà àti ẹni tó ń bójú tó aṣọ. Bí o bá kun ògiri ní àwọ̀ aró, tí òṣèré sì wọ àdìrẹ ẹlẹ́lùú, ara ògiri ló máa pòórá sí.

Fi téépù wọn yàrá, kí o sì yà á ní ìwọ̀n 1:50, níbi tí sẹ̀ǹtímítà méjì ti dúró fún mítà kan. Fi ibi tí kámẹ́rà máa dúró sí hàn. Ohun tuntun máa ń hàn jù nínú fíìmù, nítorí náà fi tíì dúdú rẹ aṣọ tábìlì, kí o sì fi sáńpépà ha apá àga níbi tí ọwọ́ ti máa ń kàn án. Má ṣe bẹ́ẹ̀ sí ẹrù tí o yá o.

Ya fọ́tò séètì kí ẹ tó tú u: òun lo máa fi tò ó padà bí wọ́n bá fẹ́ tún ìran ṣe, òun náà lo sì máa fi wá iṣẹ́ mìíràn. Kọ orúkọ gbogbo ẹni tó yá ọ ní nǹkan sínú ìwé kan. Tí ìyá kan bá yá ọ ní rédíò ọkọ rẹ̀ tó ti di olóògbé, ìwọ gan-an ni kó o gbé e padà fún un, má rán ọmọ iṣẹ́.