Kásẹ́ẹ̀tì Mario Party ti ilẹ̀ Japan kò wọ inú N64 Amẹ́ríkà

Ìbéèrè: Mo ra géèmù Mario Party àkọ́kọ́, èyí tó jáde ní Japan ní December 1998, tìwé-tìpáálí. Kò wọ inú N64 (Nintendo 64, ẹ̀rọ géèmù) Amẹ́ríkà tí mo ní. Ṣé kí n gé ẹ̀yìn rẹ̀ díẹ̀ ni?

Ìdáhùn: Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gé e! Pípé tó pé ni àwọn tó ń kó géèmù jọ ń wá. Ara ẹ̀rọ ni ìdènà wà: eyín ike kékeré méjì ló wà lẹ́yìn nínú ihò tí a ń ki kásẹ́ẹ̀tì bọ̀, kásẹ́ẹ̀tì Japan kò sì ní àlàfo níbi tí wọ́n wà. Ẹ yọ Jumper Pak (ike kékeré tó wà lábẹ́ ìdérí kékeré níwájú ẹ̀rọ), ẹ da ẹ̀rọ dojú bolẹ̀, ẹ fi sukudiráfà gamebit (irú tí orí rẹ̀ bá súkúrù Nintendo mu) 4.5 mm tú súkúrù mẹ́fà tó wà nídìí rẹ̀. (3.8 mm ni ti kásẹ́ẹ̀tì.) Ẹ ṣí ìdérí òkè, ẹ tú àwo ike tó yí ihò náà ká, ẹ fi àwo ti Japan rọ́pò rẹ̀.

Ìbéèrè: Ó wọlé, àmọ́ ojú tẹlifíṣọ̀n dúdú.

Ìdáhùn: Ṣé ẹ ti dá Jumper Pak padà? Láìsí i, N64 kò ní gbé àwòrán jáde. Bó bá wà níbẹ̀, ẹ rẹ òwú sínú sípírítì isopropyl 90% sókè, ẹ nu ìlà aláwọ̀ wúrà ìdí kásẹ́ẹ̀tì títí òwú kò fi ní dúdú mọ́, kó gbẹ dáadáa. Ẹ má fẹnu fẹ́ ẹ, ọ̀rinrin ẹnu ń mú un dípẹtà. Bó bá jẹ́ N64 ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni, pípààrọ̀ àwo kò ràn án, nítorí chip ààbò inú wọn kò bára mu.

Ìbéèrè: Bátìrì inú kásẹ́ẹ̀tì ńkọ́?

Ìdáhùn: Kò ní. EEPROM, chip tí kò nílò bátìrì, ló ń tọ́jú ibi tí ẹ bá eré dé.

Ìbéèrè: Ọ̀pá àárín pádì ti dẹ̀, ìyẹ̀fun funfun sì wà nídìí rẹ̀.

Ìdáhùn: Géèmù yìí gan-an ló ń jẹ ẹ́. Àwọn eré kan nínú rẹ̀ ní kí ẹ máa yí ọ̀pá náà bíríbírí, àtẹ́lẹwọ́ sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń yí i. Ó bó ọwọ́ àwọn ọmọdé débi pé Nintendo gbà ní 2000 láti fún àwọn ará Amẹ́ríkà ní ìbọ̀wọ́. Wọ́n ti yọ irú eré bẹ́ẹ̀ kúrò nínú Mario Party 2, ohun tó mú kí ti àkọ́kọ́ ṣọ̀tọ̀ nìyẹn. Ike tó lọ̀ ni ìyẹ̀fun náà. Òróró kò lè dá a padà. Ẹ pààrọ̀ ọ̀pá àti abọ́ ìsàlẹ̀ rẹ̀ pọ̀, torí abọ́ àtijọ́ yóò tún ha ọ̀pá tuntun. Pádì mìíràn ni kí ẹ máa fi gbá eré yíyí, kí ẹ sì fi àtàǹpàkò yí i.