Bí Mo Ṣe Fi Ìṣó àti Bébà Mọ Àwọn Òkè Ayé

Àwòrán ayé tí mo fi ń kọ́ àwọn ọmọ ní Sabe, ìlú wa ní orílẹ̀-èdè Benin, tẹ́jú pẹrẹsẹ. Àwọ̀ ilẹ̀ ni wọ́n fi ṣàmì òkè. Ọmọ tó ń jí rí àpáta Sabe láràárọ̀, kí ló fẹ́ fi àwọ̀ ṣe? Mo ní màá mọ òkè sórí pákó, kí wọ́n lè fọwọ́ kàn án.

Bàbá Káfíńtà ló bá mi gé pákó náà: 180 sẹ̀ǹtímítà ní ìbú, 90 ní gíga. Mo fa ìlà sí i, 5 sẹ̀ǹtímítà síra wọn, kí àpótí kọ̀ọ̀kan dúró fún dígírì 10. Ohun tó bá wà nínú àpótí inú ìwé àwòrán ayé tí wọ́n fa irú ìlà bẹ́ẹ̀ sí, òun ni mo yà sínú àpótí tirẹ̀ lórí pákó. Kò le, sùúrù ló ń fẹ́.

Orí gíga ni iṣẹ́ wà. Yíká ayé tó 40,000 kìlómítà. Bí ìyẹn bá di 180 sẹ̀ǹtímítà, Everest, òkè tó ga jù láyé (8,849 mítà), kò ní tó ìdajì mìlímítà. Ọ̀dà lásán á bò ó mọ́lẹ̀. Mo bá sọ gíga di ìlọ́po 100, mo sì kọ ọ́ gàdàgbà sẹ́gbẹ̀ẹ́ pákó, kí ẹnikẹ́ni má lọ rò pé bẹ́ẹ̀ ni ayé rí ṣóńṣó-ṣóńṣó. Everest wá di 4 sẹ̀ǹtímítà, Aconcagua ní Gúúsù Amẹ́ríkà (6,961 mítà) lé díẹ̀ ní 3, Kilimanjaro (5,895 mítà) lé ní 2 àbọ̀.

Ìṣó tẹ́ẹ́rẹ́ ni mo fi díwọ̀n. Mo kan ọ̀kọ̀ọ̀kan mọ́ ibi orí òkè, mo fi rúlà wò ó, mo ń gbá a wọlẹ̀ títí èyí tó kù lókè fi bá gíga òkè náà mu. Himalaya àti Karakoram, ọ̀wọ́ òkè méjì ní Éṣíà, ló fẹ́ la pákó mọ́ mi lọ́wọ́. Òkè 14 tó ju 8,000 mítà lọ láyé, ibẹ̀ ni gbogbo wọn kóra jọ sí. Láti ìwọ̀-oòrùn dé ìlà-oòrùn, wọn kò gbà ju 7 sẹ̀ǹtímítà lọ lórí pákó mi. Mo mú mẹ́ta péré: Everest, K2 àti Kangchenjunga.

Kí n tó fi bébà bò wọ́n, mo pe àwọn ọmọ kí wọ́n wá wo ìṣó lásán. Mo rò pé ìgbà yẹn gan-an ni iṣẹ́ náà dùn jù. Ìṣó tò sí ọ̀nà méjì: ọ̀kan yí etí òkun Pàsífíìkì ká, èkejì gba òkè Atlas ní Àríwá Áfíríkà àti Alps ní Yúróòpù, ó kọjá Túúkì àti Ìráànì dé Himalaya. Ìdí rẹ̀ ni pé èèpo ilẹ̀ ayé pín sí ègé ńláńlá tó ń sún díẹ̀díẹ̀, ibi tí wọ́n ti ń ti ara wọn ni irú òkè bẹ́ẹ̀ ti ń dìde. Íńdíà ti ń ti Éṣíà láti nǹkan bí 50 mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn, kò sì tíì dáwọ́ dúró. Ìsàlẹ̀ òkun ń wọ abẹ́ Gúúsù Amẹ́ríkà, òun ló gbé ọ̀wọ́ òkè Andes dìde, tó gùn tó 7,000 kìlómítà. Ní Áfíríkà, ìṣó wọ́n: Atlas, Etiópíà, Rúwẹ́ńsórì, òkè Kẹ́ńyà, Kilimanjaro, òkè Kamẹrúùnù, Drakensberg.

Bébà àtijọ́ ni mo rẹ mọ́jú, mo gún un (kì í ṣe nínú odó ọbẹ̀ o!), mo pò ó mọ́ gbàgúdá tí mo rò lórí iná. Mo ń mọ ọ́n yí ìṣó ká títí orí ìṣó nìkan fi kù. Ìpele tín-ín-rín ni kẹ́ ẹ máa lé e. Èyí tó bá nípọn kì í tètè gbẹ inú, ó sì máa ń sán.

Bàbá Káfíńtà wá wò ó, ó ní: "Olùkọ́, Òkè Sabe wa ńkọ́?" Mo ní, "Bàbá, ẹ má bínú. Sokbaro tí wọ́n sábà máa ń pè ní òkè tó ga jù ní Benin, 658 mítà ni, mìlímítà 3 péré ló gbà níbí. Tiwa kò tó ìyẹn." Òkúta tó dì nísàlẹ̀ ilẹ̀ ni tiwa, òjò àti atẹ́gùn ló ṣí i síta, ègé ilẹ̀ kankan kò kọlu ara wọn láìpẹ́ níbí. Ọ̀dà pupa ni mo fi ṣàmì Òkè Sabe sí ààyè rẹ̀.

Kò tẹ́ Bàbá lọ́rùn. Ó ní ká ṣe ti Benin nìkan. Benin gùn tó 700 kìlómítà. Lórí pákó mítà kan, bí mo bá sọ gíga di ìlọ́po 20, Sokbaro á fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 2 sẹ̀ǹtímítà. Ó ti ń wá pákó.