Ẹ dá dé Seoul, ẹ má dá jẹun: bí a ṣe ń bá ẹgbẹ́ jáde nígboro

"Èèyàn mélòó?" Ìbéèrè àkọ́kọ́ nìyẹn lẹ́nu ọ̀nà ilé oúnjẹ tí wọ́n ti ń yan ẹran ní Seoul. Mo na ìka kan sókè. Ìyá tó jáde sí mi wo ẹ̀yìn mi, bóyá ẹlòmíì ń bọ̀. Kò rí ẹnì kankan. Ló bá gbé apá méjèèjì dábùú ara wọn níwájú àyà, àfi bí ìgbà tí tíṣà bá fi bírò pupa fa ìlà sórí iṣẹ́ ọmọ iléèwé. Ó tẹrí ba díẹ̀, ó rẹ́rìn-ín, ó padà sídìí iṣẹ́ rẹ̀. Ebi ń pa mí, owó wà lápò mi, àmọ́ n kò jẹran lálẹ́ ọjọ́ náà.

Mo kọ́kọ́ rò pé tìtorí àwọ̀ mi ni. Ọmọ Kòríà kan tí a jọ wà ní kíláàsì ló là mí lóye lọ́jọ́ kejì. Ó ní ẹran yíyan kì í ṣe oúnjẹ ẹnì kan. Ọ̀pọ̀ ilé oúnjẹ kì í tà á tí kò bá tó ti ẹni méjì, torí iná kan náà ni wọ́n máa dá, kimchi (ewébẹ̀ kíkan aláta), ewébẹ̀ àti àwọn abọ́ kéékèèké tó máa ń kún tábìlì kan náà ni wọ́n máa gbé jáde, ì báà ṣe ẹnu kan ló jókòó, ì báà ṣe mẹ́rin. Ó ní ká ní òun lòun dá lọ, wọ́n á dábùú apá fún òun náà. Kódà wọ́n lórúkọ fún kí èèyàn dá jẹun, honbap ni wọ́n ń pè é. Bí ẹ bá dá wọ ilé oúnjẹ onírẹsì àtọbẹ̀, ti núdù tàbí ti gimbap (ìrẹsì tí wọ́n fi ewé inú òkun wé), wọ́n á gbà yín tọwọ́tẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ń dá rìn nílùú yìí, ẹ̀yìn gíláàsì ni yóò ti máa wo apá kan rẹ̀.

Torí náà, lẹ́yìn ilé àti síìmù fóònù, ohun kẹta tí mo máa ń ní kí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé wá ni ẹgbẹ́ tó ń jáde lópin ọ̀sẹ̀. Bí ẹ bá jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́, ẹ lọ sí ọ́fíìsì tó ń bójú tó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ òkèèrè ní yunifásítì yín. Ọ̀pọ̀ wọn ló máa ń fi ọmọ Kòríà kan ti àlejò kan, tí wọ́n á sì jọ máa jáde. Ìjọ tó ń fi Gẹ̀ẹ́sì ṣe ìsìn náà máa ń ní irú ẹ̀. Bí ẹ kò bá mọ ẹnì kankan rárá, ìjọba ìlú Seoul ní àwọn afinimọ̀nà tó ń bá àlejò fẹsẹ̀ rìn lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ ó forúkọ sílẹ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì ní ọjọ́ mélòó kan ṣáájú, ẹ ó mú èdè tí ẹ gbọ́ àti ọ̀nà tí ẹ fẹ́ rìn. Ìrìn náà máa ń tó wákàtí méjì sí mẹ́ta, ẹ wọ bàtà tó rọ̀. Owó àtiwọ ààfin nìkan ni wọ́n lè gbà lọ́wọ́ yín.

Ẹgbẹ́ kan wà tí ẹ kò gbọdọ̀ bá lọ o. Àwọn méjì-méjì kan máa ń dá àlejò dúró lójú pópó tàbí létí ibùdókọ̀, ẹ̀rín lẹ́nu, wọ́n á ní àwọn fẹ́ fi àṣà Kòríà hàn yín, tàbí àwọn ń ṣe ìwádìí kékeré kan. Tí ẹ bá tẹ̀ lé wọn, ẹ ó bá ara yín nínú yàrá kan tí wọ́n ti ń bọ àwọn baba ńlá, wọ́n á sì ní kí ẹ mówó wá fún ètùtù. Ọmọ Kòríà gan-an ń sá fún wọn. Ẹ ṣáà máa lọ, kò pọn dandan kí ẹ ṣàlàyé.

Fóònù yín ló máa ṣe iṣẹ́ tó kàn. Orí KakaoTalk, WhatsApp tiwọn, ni gbogbo ìpàdé ti ń wáyé, ẹni tí kò sí níbẹ̀ kò sí níbì kankan. Láti mọ̀nà, ẹ lo Naver Map tàbí KakaoMap. Google Maps tí a mọ̀ nílé kì í fi bẹ́ẹ̀ wúlò fún ìrìn ẹsẹ̀ níbí, torí ó ti pẹ́ tí ìjọba ti ń ṣọ́ àwòrán ilẹ̀ wọn lójú méjèèjì nítorí ọ̀rọ̀ ààbò. Ẹ ra káàdì T-money, èyí tí a fi ń sanwó ọkọ̀, ní ṣọ́ọ̀bù bíi CU tàbí GS25, kí ẹ sì mú owó bébà dání, òun ni wọ́n sábà máa ń gbà fún àtikówó sí i. Láti oṣù kẹfà ọdún 2025, 1,550 won ni owó tírénì abẹ́ ilẹ̀ fún àgbàlagbà tó ń lo káàdì, kó tó máa lé sí i bí ọ̀nà bá ṣe jìn sí. Bí ẹ bá ń sọ̀ nínú bọ́ọ̀sì, ẹ tún fi káàdì kan ẹ̀rọ, torí ìyẹn ni yóò jẹ́ kí ẹ wọ ọkọ̀ mìíràn láàárín ọgbọ̀n ìṣẹ́jú láìsan owó tuntun. Àlejò ọlọ́jọ́ mélòó kan lè ra Climate Card, èyí tó jẹ́ 5,000 won fún ọjọ́ kan àti 10,000 fún ọjọ́ mẹ́ta, kó sì máa wọ ọkọ̀ Seoul bó ṣe wù ú.

Bí wọ́n bá kọ ọ́ pé "ibùdókọ̀ Gyeongbokgung, ẹnu ọ̀nà 5, aago mẹ́wàá ku ogún ìṣẹ́jú", nọ́ńbà ẹnu ọ̀nà yẹn ni gbogbo ọ̀rọ̀. Àwọn ibùdókọ̀ tírénì kan ní ẹnu ọ̀nà tó ju mẹ́wàá lọ, tí ẹ bá sì gba èyí tí kì í ṣe tiwọn jáde, òdìkejì títì olójú mẹ́jọ ni ẹ ó ti máa juwọ́ sí ara yín. Ní ti aago, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi tilé sílẹ̀ nílé. Ẹni tó bá dé ní aago mẹ́wàá géérégé fún ìpàdé aago mẹ́wàá, wọ́n á ti máa wojú rẹ̀.

Nínú tírénì, ẹ ó rí ìjókòó mẹ́ta-mẹ́ta ní ìpẹ̀kun ọkọ̀ tó ṣófo, nígbà tí àwọn èèyàn dúró pẹ̀kípẹ̀kí. Ọ̀dọ́ kan kò ní jókòó síbẹ̀. Ti àgbàlagbà àti aláìlera ni, àwọn ìjókòó aláwọ̀ òsùn fẹ́ẹ́rẹ́ sì wà fún aboyún. Ó máa ń yà mí lẹ́nu títí di òní, ìjókòó ṣófo tí ẹnì kankan kò jà sí. Bí ìyá yín bá pè láti Ìbàdàn nínú ọkọ̀ yẹn, ẹ fọ̀rọ̀ ránṣẹ́ pé ẹ ó pe wọ́n padà. Ohùn tí a fi ń kí ìyá ẹni lórí fóònù, gbogbo ọkọ̀ ló máa gbọ́ ọ.

Ìrìn ọjọ́ kan tí mo fẹ́ràn jù máa ń bẹ̀rẹ̀ ní ààfin Gyeongbokgung. Ọdún 1395 ni wọ́n kọ́ ọ, iná jó o ní 1592 nígbà tí àwọn ará Japan gbógun wọ̀lú, ó sì wà bẹ́ẹ̀ títí wọ́n fi tún un kọ́ ní 1867. Owó ìwọlé jẹ́ 3,000 won, wọ́n máa ń ti ibẹ̀ lọ́jọ́ Tuesday, àwọn ẹ̀ṣọ́ sì máa ń pààrọ̀ níwájú géètì ńlá láago mẹ́wàá àti aago méjì ọ̀sán. Ẹni tó bá wọ hanbok, aṣọ ìbílẹ̀ wọn, kì í sanwó rárá. Ìdí nìyẹn tí ilé tí wọ́n ti ń yá hanbok fi pọ̀ ládùúgbò náà, tí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ sì máa ń mú àwọ̀ tó bára mu bí ìgbà tí a bá ń yan aṣọ ẹbí. Ẹ má bẹ̀rù pé kò ní bá yín mu, okùn ni wọ́n fi ń so yẹ̀rì rẹ̀ lókè ọmú, ara tó tóbi àti ara tó tín-ínrín ni yóò gbà. Ọmọ Abẹ́òkúta kan nínú wa fi gèlè àdìrẹ lé tirẹ̀. Àwọn ìyá Kòríà ló ń tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́ láti bá a ya fọ́tò.

Láti ibẹ̀ a máa ń fẹsẹ̀ rìn lọ sí Bukchon, àdúgbò àwọn ilé onípàákó ayé àtijọ́. Èèyàn ń gbé inú ilé wọ̀nyẹn o, wọ́n ń fọṣọ, wọ́n ń tẹ́ ọmọ sùn. Apá ibi tí èrò ti pọ̀ jù, aago mẹ́wàá àárọ̀ sí aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́ nìkan ni àlejò lè rìn níbẹ̀, ìtanràn rẹ̀ sì jẹ́ 100,000 won láti ọdún 2025. Ẹ sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́.

Ọjà Gwangjang ló kàn, èyí tó ti wà láti 1905. Níbẹ̀ ni mo ti dúró bí ère lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Ọlọ ni mo kọ́kọ́ rí, ọlọ òkúta tí ẹ́ńjìnì ń yí, ẹ̀wà aláwọ̀ ewéko tí wọ́n ti rẹ sómi ń wọ ojú rẹ̀, tó sì ń jáde ní lílọ̀ sínú garawa. Ìyá kan ń fi kọ́ọ́bù bu ú sórí agbada tó kún fún òróró, ó ń fọ́n ewébẹ̀ sí i, ó ń yí i padà títí etí rẹ̀ fi pọ́n. Bindaetteok ni wọ́n ń pè é. Ọmọ Yorùbá tó bá gbọ́ òórùn yẹn kò ní béèrè ohun tó jẹ́: ìbátan àkàrà ni, àmọ́ ó fẹ̀ bí abọ́, ata kò sì sí nínú rẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ béèrè iye rẹ̀, "eolmayeyo?", kí ẹ tó jókòó. Kí àwọn Mùsùlùmí sì béèrè bóyá ẹran ẹlẹ́dẹ̀ wà níbẹ̀, torí ó máa ń wà. Itaewon ni ibi tí wọ́n ti lè jẹun láìfòyà, nítòsí mọ́ṣáláṣí ńlá tí wọ́n ṣí ní 1976, a sì sábà máa ń gbọ́ Yorùbá ládùúgbò yẹn.

Ilẹ̀ á ṣú, gbogbo ẹgbẹ́ á wá yà sílé ẹran. Ibí ni ìtọ́sọ́nà yìí ti ṣe pàtàkì jù.

Kí ẹran tó dé, wọ́n á béèrè ọdún tí wọ́n bí yín. Kì í ṣe òfófó. Bí a kò bá mọ ẹni tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n, a kò mọ bí a ṣe máa bá ara wa sọ̀rọ̀. Ọkùnrin ń pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ní hyeong, ó ń pe obìnrin ní nuna. Obìnrin ń pe ọkùnrin ní oppa, ó ń pe obìnrin ní eonni. Gbogbo àbúrò ni dongsaeng. Èdè wọn náà ní tàgbà, bí "ẹ" àti "o" tiwa, àmọ́ ìparí ọ̀rọ̀ ni wọ́n ń fi í sí: "yo" tí ẹ ń gbọ́ léraléra nìyẹn. Ẹ máa fi yo parí ọ̀rọ̀ títí ẹ̀gbọ́n yóò fi ní kí ẹ jáwọ́.

Ọwọ́ ọ̀tún nìkan tó tó wa nílé kò tó níbí. Ọwọ́ méjèèjì ni ẹ ó fi gba nǹkan lọ́wọ́ àgbà, tàbí kí ẹ fi ọwọ́ òsì gbé ìgúnpá ọ̀tún ró. Ẹ dúró kí ẹni tó dàgbà jù gbé ṣíbí rẹ̀ kí ẹ tó gbé tiyín. Ṣíbí àti igi ìjẹun, ẹ fa dúrọ́ọ̀ tó wà lábẹ́ tábìlì, inú ibẹ̀ ni wọ́n máa ń wà. Ẹ má ṣe gún igi ìjẹun sínú ìrẹsì kó dúró ṣánṣán, oúnjẹ òkú ni wọ́n ń ṣe bẹ́ẹ̀ sí. A kì í bu ọtí fún ara ẹni: ẹ bu ti ẹnìkejì, yóò bu tiyín. Bí ẹ bá ń mu ún níwájú àgbà, ẹ yíjú sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ẹni tí kì í mutí, kó sọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, kó gba mínírà, kó sì gbé ife sókè nígbà tí wọ́n bá ní "geonbae".

Àṣejù tiwa náà wà. Ọ̀jọ̀gbọ́n àgbà kan dara pọ̀ mọ́ wa lálẹ́ ọjọ́ kan, mo sì dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún un. Kẹ́kẹ́ pa. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ fún mi pé ìforíbalẹ̀ bẹ́ẹ̀, ọjọ́ ọdún tuntun ni wọ́n ń ṣe é fún àgbà lẹ́ẹ̀kan, wọ́n sì ń ṣe é fún òkú lẹ́ẹ̀mejì. Ọpẹ́ ni pé ẹ̀ẹ̀kan ni mo ṣe. Ìtẹríba lásán ti tó.

Owó ńkọ́? Nígbà mìíràn ẹ̀gbọ́n á san gbogbo rẹ̀, àbúrò á sì ra kọfí níbi tí ẹ bá tún yà sí. Àmọ́ nínú ẹgbẹ́ àwọn tí kò tíì mọra, ẹnì kan ló ń fi káàdì san án, tí wọ́n á pín in dọ́gba, tí oníkálukú á sì fi tirẹ̀ ránṣẹ́ lórí fóònù. Ẹni tí kò tíì ní àkáùntì báńkì níbí, kó mú owó bébà wéwèèwé dání. Láti ṣí àkáùntì, wọ́n sábà máa ń béèrè káàdì ìgbélùú, èyí tí ẹni tó bá máa pẹ́ ju 90 ọjọ́ lọ gbọ́dọ̀ lọ forúkọ sílẹ̀ fún láàárín 90 ọjọ́ tó bá dé. Kò sí pé à ń fún ẹni tó gbóúnjẹ wá ní owó ọwọ́, wọ́n lè sáré lé yín láti dá a padà.

Ẹ mú ọ̀rá kékeré kan sápò, torí garawa ìdọ̀tí ṣọ̀wọ́n lójú títì, ẹ ó sì gbé ìdọ̀tí yín délé. Ẹ fi nọ́ńbà mẹ́ta sínú fóònù: 112 fún ọlọ́pàá, 119 fún iná àti àìsàn pàjáwìrì, 1330 fún àlejò tó bá sọnù tàbí tí èdè bá dí i lọ́wọ́, wọ́n ń gbé e tọ̀sán-tòru, wọ́n sì gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì.

Tírénì máa ń kásẹ̀ nílẹ̀ ní nǹkan bí aago méjìlá òru, takisí sì ń gbówó lórí láti aago mẹ́wàá alẹ́. Nítorí náà, bí wọ́n bá ní kí ẹ lọ kọrin ní noraebang lẹ́yìn ẹran, ẹ wo aago kí ẹ tó gbà. Tí ẹ bá délé, ẹ kọ ọ́ sí KakaoTalk. Ẹ ó rí nọ́ńbà kékeré kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀rọ̀ yín, iye àwọn tí kò tíì kà á ni. Yóò máa dínkù, méje, mẹ́rin, méjì. Kí ó tó pòórá, ẹnì kan á ti béèrè pé ibo ni ká lọ ní Sátidé tó ń bọ̀.