Ríìmù tó ti wọ́ kí n tó gùn ún: bí mo ṣe fi kẹ̀kẹ́ yíká Berlin

90 yúrò. Ẹ jẹ́ kí n ti ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀, torí òun gan-an ló mú mi jókòó kọ èyí. Owó tí mo san ká lè bá gáìdì gun kẹ̀kẹ́ yíká Berlin, 34 yúrò ni lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan, èmi àti àbúrò mi ọkùnrin tó ń kàwé níbẹ̀, 68 ni gbogbo ẹ̀, mo sì sọ fún ara mi pé fún wákàtí mẹ́ta àbọ̀ kò burú. Ìgbà tá a débẹ̀ ni wọ́n tún ní kí n fi 100 yúrò dógò lórí káàdì nítorí kẹ̀kẹ́ tèmi, 100 míì nítorí ti àbúrò mi, bẹ́ẹ̀ wọn ò kọ ọ́ síbi tó hàn nígbà tí mo ń sanwó. Ó dáa, mo fi dógò. Ti àbúrò mi padà wá ní pípé. Nínú tèmi, 10 yúrò péré ni mo rí gbà lọ́jọ́ náà, wọ́n ní mo ba ríìmù iwájú jẹ́. Ríìmù tó ti wọ́ kí n tó fẹsẹ̀ kan kẹ̀kẹ́ yẹn! Bí mo ṣe ń tẹ èyí, inú ṣì ń bí mi.

Ti ọkọ̀ òfuurufú láti Manchester àti ti bí mo ṣe gba tíkẹ́ẹ̀tì, mi ò ní fi dá yín dúró, gbogbo wa la mọ̀ ọ́n. Ìdí tí mo fi yan kẹ̀kẹ́ ni pé ilẹ̀ Berlin tẹ́jú pẹrẹsẹ, kò sí òkè lónìí òkè lọ́la bíi ti Ìbàdàn, ibi téèyàn fẹ́ rí sì jìnnà síra wọn ju kéèyàn fẹsẹ̀ rìn ín lọ. Mo sì mọ kẹ̀kẹ́ gùn dáadáa. Ṣakí ni mo ti kọ́ ọ, lórí Raleigh tí bàbá mi fi ń lọ oko, ìjókòó rẹ̀ ga jù mí lọ nígbà yẹn, abẹ́ irin àárín ni mo máa ń ti ẹsẹ̀ ọ̀tún bọ̀ kí n tó lè tẹ pẹ́dàlì, ara mi á wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan, bẹ́ẹ̀ ni màá ṣe gùn ún dé ọjà. Torí náà ẹ̀rù kẹ̀kẹ́ ò bà mí. Gáìdì ni mo fẹ́, torí Wilhelmstraße, títì tí àwọn ìjọba Yúróòpù ti jókòó sọ̀rọ̀ ilẹ̀ Áfíríkà láàárín oṣù Kọkànlá 1884 sí oṣù Kejì 1885. Mo fẹ́ kí ẹni tó mọ̀tàn mú mi dúró níbẹ̀, kó sọ ọ́ fún mi létí.

Kẹ̀kẹ́ tí wọ́n fún mi dúdú, ó wúwo. Bíréèkì ẹ̀yìn rẹ̀ ò sí lọ́wọ́, inú pẹ́dàlì ló wà, tẹ́ ẹ bá tẹ pẹ́dàlì sẹ́yìn díẹ̀ báyìí, kẹ̀kẹ́ á dúró gbàgà. Àwa tó ti mọ́ lára láti máa yí pẹ́dàlì sẹ́yìn ká fi tún ẹsẹ̀ ṣe, ẹ ṣọ́ra, ó lè gbé yín ṣubú. Ìyẹn gbà mí ní bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ó sì mọ́ mi lára. Ti táyà iwájú ni kò mọ́ mi lára. Mo gbọ́ nǹkan tó ń dún ṣìì, á dákẹ́, ṣìì, á dákẹ́. Mo sọ̀ kalẹ̀, mo gbé iwájú kẹ̀kẹ́ sókè, mo fọwọ́ yí táyà, mo sì rí i kedere pé ríìmù ń fì sọ́tùn-ún fì sósì, gbogbo ìgbà tó bá yí po lẹ́ẹ̀kan ló ń lọ fara gbo rọ́bà bíréèkì. Mo pe gáìdì. Ó fọwọ́ tẹ táyà wò, ó ní afẹ́fẹ́ wà níbẹ̀, kò sí nǹkan kan. Mo ní mi ò sọ ti afẹ́fẹ́, ríìmù ni mo ń wí. Ó ní gbogbo kẹ̀kẹ́ ló ń ṣe bẹ́ẹ̀, àwọn yòókù sì ti ń dúró, àwa bíi mẹ́rìnlá ni. Ojú tì mí láti dá èèyàn mẹ́tàlá dúró, mo gun kẹ̀kẹ́. Ibẹ̀ yẹn ni mo ti ṣe àṣìṣe. Kẹ̀kẹ́ mẹ́ta wà nínú ṣọ́ọ̀bù tí ẹnikẹ́ni ò gùn, mo ń wò wọ́n.

Ká tó dé ibi tí ó ti ṣẹlẹ̀, mo gbádùn ara mi o. A gbéra ní Alexanderplatz lábẹ́ òpó tẹlifíṣọ̀n wọn tó ga tó mítà 368, ìjọba Jámánì ti ìlà oòrùn nígbà náà ló kọ́ ọ, kò sí ibi téèyàn wà nínú ìlú tí kò ní rí i. Kẹ̀kẹ́ ní ọ̀nà tirẹ̀ lọ́tọ̀, mọ́tò kì í wọ ibẹ̀. Mo yọ fóònù jáde kí n ya fídíò bí mo ṣe ń lọ, àbúrò mi pariwo pé, “Àǹtí mi, ẹ gbé e sápò, 55 yúrò ni wọ́n ń gbà lọ́wọ́ ẹni tó bá di fóònù mú lórí kẹ̀kẹ́!” Mo gbé e sápò kíá.

Nígbà tá a kọjá Hackescher Markt, a bọ́ sójú títì tí tíráàmù, ọkọ̀ ojú irin inú ìlú, ń gbà. Gáìdì ti sọ̀rọ̀ kan níwájú, ẹ̀yìn ni mo wà, mi ò gbọ́. Ẹ̀gbẹ́ irin tíráàmù ní àlàfo kan tó fẹ̀ bí ìka méjì, ó gba táyà kẹ̀kẹ́ wẹ́kú. Mo fẹ́ yà fún ọkùnrin kan tó ń ti kẹ̀kẹ́ ọmọ, iwájú kẹ̀kẹ́ mi tó ti ń gbọ̀n tẹ́lẹ̀ yà sínú àlàfo yẹn, ó há, mo sì ṣubú sápá òsì. Orúnkún mi bó, àtẹ́lẹwọ́ mi bó. Mo dìde fúnra mi. Tí tíráàmù bá ń bọ̀ lẹ́yìn ńkọ́? Ọlọ́run ló yọ mí. Ẹ jọ̀ọ́, tẹ́ ẹ bá fẹ́ kọjá lórí irin yẹn, ẹ kọjú sí i kẹ́ ẹ gé e kọjá tààrà, ẹ má fẹ̀gbẹ́ gùn ún láé.

Kẹ̀kẹ́ náà ò tún yí mọ́, ríìmù ti wá wọ́ débi pé ó há mọ́ bíréèkì. Gáìdì pe ṣọ́ọ̀bù, ó ní ẹnì kan ń gbé òmíràn bọ̀ ní ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ó ní kí n dúró síbẹ̀, kí n fi fóònù wá wọn tó bá yá. Àbúrò mi ní òun máa dúró tì mí, èmi ni mo ní kó máa bá wọn lọ, torí ó dùn mí pé kí 34 yúrò tiẹ̀ náà tún ṣòfò. Ìyẹn náà ni mo kábàámọ̀ jù.

Ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún di ogójì. Mo pe nọ́ńbà tó wà lórí tíkẹ́ẹ̀tì, ẹ̀rọ ló ń dáhùn lédè Jámánì. Mo jókòó sórí àtẹ̀gùn ilé kan, mo fi omi inú ike fọ ọwọ́ mi, oòrùn ń pa mí, mo ń wo bí àwọn míì ṣe ń gun kẹ̀kẹ́ kọjá pẹ̀lú gáìdì tiwọn. Àbúrò mi ń fi fótò ránṣẹ́: wọ́n ti dé erékùṣù àwọn mùsíọ́mù, wọ́n ti dé Bebelplatz níbi tí àwọn Násì ti sun ìwé ní ọjọ́ 10 oṣù Karùn-ún 1933. Fótò ni mo wá ń fi wo ohun tí mo sanwó láti fojú rí! Ìgbà tó pé wákàtí kan àti ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni ọmọkùnrin kan yọ. Kò bẹ̀ mí, kò bi mí bóyá mo fara pa. Ó wo ríìmù, ó ya fótò, ó mú fọ́ọ̀mù kan jáde, ojú ìwé kan ṣoṣo, Jámánì ni gbogbo ẹ̀, ó ní kí n fọwọ́ síbí pé mo ti gba kẹ̀kẹ́ kejì. Ó ti rẹ̀ mí, ọwọ́ ń ta mí, mo kàn fẹ́ lọ bá àwọn èèyàn mi. Mo fọwọ́ sí i. Ohun kan tí mo ṣe tó dáa ni pé mo ya fótò fọ́ọ̀mù yẹn kó tó gbà á lọ.

Mo dá gun kẹ̀kẹ́ kejì lọ bá wọn ní Checkpoint Charlie, ẹnubodè àtijọ́ láàárín Berlin ìlà oòrùn àti ìwọ̀ oòrùn, nínú ìlú tí mi ò dé rí, ọwọ́ ọ̀tún títì ni wọ́n ń gbà, orúnkún mi ń ṣẹ̀jẹ̀, mi ò sì ṣìnà lẹ́ẹ̀kan. Mo fi ìyẹn yangàn. Àbúrò mi gba fóònù mi ó ka fọ́ọ̀mù, ojú ẹ̀ yí padà. “Àǹtí mi, ẹ̀yin lẹ fọwọ́ sí i pé ẹ̀yin lẹ bà á jẹ́? Pé ẹ gbà láti sanwó ẹ̀?” Ara mi tutù wọ̀ọ̀.

Láti ibẹ̀ a gba Niederkirchnerstraße, níbi tí apá kan nínú ògiri tó pín Berlin sí méjì ṣì dúró, ara ẹ̀ ti gbẹ́ jákujàku, wáyà irin inú ẹ̀ sì yọ síta. Ní ọjọ́ 13 oṣù Kẹjọ 1961 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í dí ọ̀nà, ó di ọjọ́ 9 oṣù Kọkànlá 1989 kó tó ṣí. Ibi tí ògiri ò sí mọ́, wọ́n to òkúta ìlà méjì sínú títì láti fi hàn ibi tó gbà kọjá, táyà yín á dún gbà-gbà tẹ́ ẹ bá gun orí ẹ̀. Gáìdì mọ ti ògiri yẹn dáadáa, mi ò ní parọ́ mọ́ ọn. Àmọ́ kí ògiri yẹn tó tán, a ti kan Wilhelmstraße. Orúkọ ẹ̀ wà lórí pátákó, mo kà á. Mo bi í pé ibo ni wọ́n ti ṣe ìpàdé 1884. Ó ní ìyẹn ò sí nínú tiwọn, a sì máa pẹ́. Ó gun kẹ̀kẹ́ ẹ̀, ó lọ. Èmi tí mo tìtorí títì yẹn wọ ọkọ̀ òfuurufú!

A kọjá níbi ìrántí àwọn Júù tí àwọn Násì pa, òkúta 2,711 tó rí bí sàréè, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ gun kẹ̀kẹ́ wọ àárín ẹ̀, a sọ̀ kalẹ̀, kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn náà ni Ẹnubodè Brandenburg. Gáìdì sọ pé Napoleon jí ère ẹṣin mẹ́rin tó wà lórí ẹ̀ kó lọ sí Paris ní 1806, àwọn ará Berlin sì gbà á padà ní 1814. Ọdún mẹ́jọ. Ọkàn mi lọ sí ti Bìní. 1897 ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì kó àwọn idẹ ààfin Ọba Bìní, wọ́n tà wọ́n káàkiri, ọ̀pọ̀ dé Berlin yìí, oṣù Keje 2022 ni Jámánì tó buwọ́ lù ú pé ti Nàìjíríà ni wọ́n. Ọdún 125. Gbogbo èrò ń ya fótò ẹṣin mẹ́rin yẹn, ẹkún ń gbọ̀n mí.

Ti ìjà ṣọ́ọ̀bù nígbà tá a dá kẹ̀kẹ́ padà, ẹ̀yin náà á ti mọ bó ṣe lọ. Wọ́n fi ìwé tí mo fọwọ́ sí hàn mí, ọ̀rọ̀ parí.

Àárọ̀ ọjọ́ kejì, èmi àti àbúrò mi yá kẹ̀kẹ́ níbòmíràn, 12 yúrò lórí ẹnì kan fún odindi ọjọ́. Kí n tó sanwó, mo yí táyà méjèèjì, mo ya fídíò wọn lójú oníṣọ́ọ̀bù. Wilhelmstraße la kọ́kọ́ lọ. Nọ́ńbà 77 tó jẹ́ ilé Bismarck, olórí ìjọba Jámánì nígbà náà, ò sí mọ́, ogun bà á jẹ́, wọ́n sì wó o lẹ́yìn ogun, ilé alájà táwọn èèyàn ń gbé ló wà níbẹ̀ báyìí, aṣọ fífọ̀ wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ òkè. Pátákó kan dúró lẹ́bàá títì tó sọ̀tàn náà, mo ka gbogbo ẹ̀. Ìjọba mẹ́rìnlá ló jókòó, ọmọ Áfíríkà kan ò sí láàárín wọn. Wọ́n fi òfin lélẹ̀ lórí bí orílẹ̀-èdè kan ṣe lè gba etíkun wa kí ìyókù sì gbà pé tiẹ̀ ni, wọ́n sì dárúkọ odò méjì tí ọkọ̀ wọn gbọ́dọ̀ lè gbà kọjá: Kóńgò àti Ọya. Odò Ọya tiwa! Àbúrò mi ló túmọ̀ ibi tí Jámánì ti ṣòro fún mi. A dúró tó ìṣẹ́jú ogún níbẹ̀, kò sẹ́ni tó ní ká máa bọ̀. Lọ́sàn-án a lọ sí Humboldt Forum, ibi tí ààfin àwọn ọba Prussia wà tẹ́lẹ̀, a rí díẹ̀ nínú àwọn idẹ Bìní, yíyá ni wọ́n yá wọn lọ́wọ́ Nàìjíríà báyìí.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ bá gáìdì lọ, ẹ bi wọ́n kẹ́ ẹ tó sanwó pé títì wo gan-an la máa dúró sí, kí wọ́n kọ ọ́ fún yín, kẹ́ ẹ sì bi wọ́n ní ti owó ìdógò. Ẹ gbé táyà sókè kẹ́ ẹ yí i. Tí wọ́n bá gbé fọ́ọ̀mù tí ẹ ò lè kà wá, ẹ kọ orúkọ kẹ̀kẹ́ àti aago nìkan síbẹ̀, ẹ má fọwọ́ sí i.

Nígbà tí mo padà dé Manchester ni àbúrò mi rántí pé òun ya fídíò mi ní iwájú ṣọ́ọ̀bù láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, nígbà tí mo gbé iwájú kẹ̀kẹ́ sókè. Ríìmù ń fì gbangba nínú ẹ̀, ohùn mi náà wà níbẹ̀, mò ń sọ fún gáìdì. Mo fi ránṣẹ́ sí wọn nínú ímeèlì. Ó gbà wọ́n ní ọjọ́ mọ́kànlá, wọ́n dá 45 yúrò padà, wọ́n ní ìdajì ni ẹ̀bi tiwọn. Mo ti tún kọ òmíràn lánàá, 45 ṣì kù.