Bí mo ṣe ń tún ìwé ìtàn ìfẹ́ ṣe kó tó dé ọ̀dọ̀ àwọn atẹ̀wé

Èmi náà ń kọ ìtàn ìfẹ́, ṣùgbọ́n iṣẹ́ olótùú ló ń san owó ilé mi n'Ìbàdàn. Tí òǹkọ̀wé bá gbé ìwé rẹ̀ wá, ẹ má tètè mú bírò. Ẹ kọ́kọ́ kà á tán bí ẹni tó fowó ara rẹ̀ rà á. Ibi tí ẹ bá ti ń fo ìlà, ẹ fi àmì sí i, kí ẹ máa kà á lọ.

Lẹ́yìn náà, ẹ wá ohun tó ń dí àwọn olólùfẹ́ náà lọ́wọ́. Bó bá jẹ́ òfófó ọ̀rẹ́ lásán, tí ẹ rí i pé wọn ì bá pe ara wọn lórí fóònù kí gbogbo rẹ̀ sì yanjú, ẹ dá ìwé náà padà. Ìyẹn ò lè gbé ojú ewé 200.

Àwọn òǹkọ̀wé wa fẹ́ràn jẹ́nótáìpù. Kò burú, ó kúkú ń ṣẹlẹ̀. Àmọ́ ẹ yẹ̀ ẹ́ wò dáadáa. Bí ọkùnrin bá jẹ́ AS, tí obìnrin sì jẹ́ AA, wọn ò ní bí ọmọ SS, ìyẹn ọmọ tó ní àìsàn sickle cell, kí ló wá ń pa wọ́n lẹ́kún? Bí àwọn méjèèjì bá jẹ́ AS, ewu SS jẹ́ ìdá kan nínú mẹ́rin nínú oyún kọ̀ọ̀kan. Kò túmọ̀ sí pé ọmọ kẹrin ni yóò jẹ́ SS. Níbẹ̀ gan-an ni ìtàn wà: obìnrin ní òun á fi ti Ọlọ́run ṣe, ọkùnrin sì ti sin àbúrò tí àìsàn náà pa.

Bákan náà ni ti kọ́ọ̀tù. Olólùfẹ́ méjì ò lè sá kúrò nílé láàárọ̀ kí wọ́n di tọkọtaya lọ́sàn-án. Lábẹ́ òfin ìgbéyàwó Nàìjíríà, wọ́n ń lẹ ìkéde mọ́ ẹnu ọ̀nà ọ́fíìsì, ọjọ́ 21 sì gbọ́dọ̀ kọjá kí wọ́n tó gbàwé, àfi tí wọ́n bá ní ìwé àṣẹ àkànṣe. Mo ní kí òǹkọ̀wé kan lo ọjọ́ 21 yẹn, kí ẹ̀gbọ́n ìyàwó ka orúkọ wọn lẹ́nu ọ̀nà. Orí tó dùn jù nínú ìwé náà nìyẹn.

Ibi tí mo ti ń pẹ́ jù ni bí àwọn olólùfẹ́ ṣe ń pe ara wọn. Ẹ kọ ọ́ sí ìwé ọ̀tọ̀. Bó bá jẹ́ "Bùrọ̀dá Akin, ẹ káàárọ̀" ni obìnrin fi ń kí ọkùnrin ní orí kìíní, ọjọ́ wo ló di "Akin, o ò tíì jẹun"? Ọjọ́ yẹn gbọ́dọ̀ hàn nínú ìwé, kí ìyá rẹ̀ sì gbọ́ ọ láti yàrá kejì bó bá ṣeé ṣe. Ohun tí mo máa ń rí ni "ẹ" lójú ewé 40, "o" ní 41, "ẹ" lẹ́ẹ̀kan sí i ní 43, láìnídìí. Ṣùgbọ́n bí ìjà bá ṣẹlẹ̀ tó wá padà sí "ẹ", ẹ má fọwọ́ kàn án.

Ẹ dín "mo nífẹ̀ẹ́ rẹ" kù. N ò gbọ́ ọ lẹ́nu bàbá mi rí, síbẹ̀ ẹran inú abọ́ rẹ̀ kì í pẹ́ bọ́ sínú abọ́ ìyá mi.

Àkọtọ́ ló kẹ́yìn. Ẹ tẹ̀ lé ti 1974: "ayé", kì í ṣe "aiye"; "ènìyàn", kì í ṣe "enia". Àmọ́ bí lẹ́tà bàbá àgbà láti 1955 bá wà nínú ìtàn, ẹ jẹ́ kó kọ "aiye" tirẹ̀.

Kí òǹkọ̀wé gba ISBN, nọ́ńbà ìdánimọ̀ ìwé, ní National Library. Kó tó sanwó fún atẹ̀wé, kó ní kí wọ́n tẹ ojú ewé kan péré sórí bébà, nítorí fọ́ǹtì míì máa ń gbé àmì abẹ́ ẹ, ọ àti ṣ mì.