Ìrírí mi: ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì onílẹ́tà mẹ́fà tó fẹ́rẹ̀ẹ́ bà mí jẹ́ lọ́dọ̀ Bàbá

Ẹ jẹ́ n ròyìn ohun tójú mi rí lórí ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan fún yín. Jejune lọ̀rọ̀ náà. Tẹ́ ẹ bá ti mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀, ẹ kúuṣẹ́ o, èmi ò mọ̀ ọ́n, bẹ́ẹ̀ ó ti pẹ́ tí mo ti ń bá àwọn èèyàn tú Gẹ̀ẹ́sì sí Yorùbá, mi ò rò ó rárá pé ọ̀rọ̀ kékeré báyẹn lè gba odidi ọjọ́ mẹ́ta lọ́wọ́ mi.

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyí. Bàbá kan tí mo mọ̀ dáadáa kọ ìtàn àròsọ kan lédè Yorùbá, àwọn ọmọ wọn bá wọn sọ ọ́ di Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n wá fún ẹnì kan tó mọ ìwé yẹ̀ wò pé kó kà á kó sọ bó ṣe rí sí. Ẹni yẹn kà á, ó kọ èsì ojú ìwé méjì ránṣẹ́. Bàbá gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì dé àyè kan, ṣùgbọ́n wọ́n láwọn ò fẹ́ kó jẹ́ ààbọ̀ ló máa yé àwọn, kí n bá àwọn tú gbogbo ẹ̀ kalẹ̀. Mo ní kò sí wàhálà Bàbá, ojú ìwé méjì péré, kí ló wà ńbẹ̀.

Ẹ̀ẹ̀mejì ni jejune yọjú nínú èsì náà. Lákọ̀ọ́kọ́, ẹni yẹn ní orí mẹ́ta tó bẹ̀rẹ̀ ìwé náà jejune. Lẹ́ẹ̀kejì, ó ń sọ̀rọ̀ akọni inú ìtàn, ó ní akọni yìí ní ìgbàgbọ́ jejune kan pé gbogbo èèyàn ló máa ń mú àdéhùn ṣẹ, òun ló sì kó gbogbo ìyọnu bá a.

Kí n má purọ́, "jẹun" lohun tó kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn, torí bójú Yorùbá bá kà á, bó ṣe máa dún létí nìyẹn. Mo rẹ́rìn-ín, mo gbàgbé ẹ̀. Ìgbà tó yá mo wá rí i pé ó jọ jeune àwọn Faransé tó túmọ̀ sí ọ̀dọ́, ó tún jọ junior, ó jọ juvenile, ìyẹn ni pé ọ̀rọ̀ ọmọdé ni nìyẹn. Mo ṣáà fẹ́ kó dá mi lójú, mo bá ṣí dìkíṣọ́nárì kékeré tó wà lórí fóònù mi, ohun tó kọ́kọ́ gbé wá ni pé nǹkan tó jọ ti ọmọdé, tí ò jinlẹ̀. Ẹ̀hẹ̀n! Mo ti mú un nìyẹn. Mi ò fìka fa ojú fóònù yẹn wálẹ̀ láti wo ohun tó kù nísàlẹ̀, ibẹ̀ gan-an ni mo ti kó sí kòtò.

Mo kọ ti àkọ́kọ́ pé "orí mẹ́ta tó bẹ̀rẹ̀ ìwé yìí dà bí ohun tí ọmọdé kọ", mo kọ èkejì pé "ìgbàgbọ́ ọmọdé", mo fi ránṣẹ́, mo lọ sùn.

Ilẹ̀ ò tíì mọ́ tán tí fóònù fi dún.

"Ìwọ ọmọ yìí, ṣé onítọ̀hún ní mò ń ṣe bí ọmọdé ni?"

"Ẹ káàárọ̀ sà. Ẹ má bínú Bàbá, kì í ṣe ẹ̀yin ló ń bá wí o, ìwé náà ni..."

"Ta ló kọ ìwé ọ̀hún? Ṣé ẹlòmíì ló bá mi kọ ọ́? Orí mẹ́ta tó ń wí yẹn, ìran akọni látorí baba ńlá ẹ̀ ni mo tò síbẹ̀, orúkọ wọn, ọdún tí wọ́n bí wọn, ọdún tí wọ́n kú. Ọmọdé wo ló lè jókòó kọ ìyẹn?"

Wọ́n bínú gan-an, àmọ́ ohun tí wọ́n sọ yẹn ló là mí lójú. Ṣé ẹ rí i, orí mẹ́ta tó jẹ́ kìkì orúkọ àti ọdún, ó lè sú èèyàn, ó lè mú kéèyàn máa tòògbé, àmọ́ iṣẹ́ ọmọdé kọ́. Ọmọdé gan-an ò ní sùúrù ẹ̀. Ìyẹn ni pé ohun tí mo kọ àti ohun tí ẹni yẹn kà ò bára mu rárá. Mo bẹ̀ wọ́n kí wọ́n fún mi láyè díẹ̀.

Mo wá lọ ṣí àwọn dìkíṣọ́nárì ńláńlá, àwọn tó máa ń sọ ìtàn ọ̀rọ̀ látìbẹ̀rẹ̀, ẹnu sì yà mí. Látìnì ni ọ̀rọ̀ yìí ti wá, jejunus, ìtumọ̀ ẹ̀ ni ẹni tó ń gbààwẹ̀, ẹni tí inú ẹ̀ ṣófo. Ààwẹ̀ kẹ̀! Ọ̀rọ̀ tó ń dún létí mi bíi jẹun, àìjẹun ni. Ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1600 ló wọnú Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n ń lò ó nígbà yẹn fún ẹni tí ò jẹun, fún oúnjẹ tí ò ṣara lóore, wọ́n sì ń lò ó fún ilẹ̀ tó ti ṣá tí ò lè mú nǹkan jáde mọ́. Àtibẹ̀ ló ti bọ́ sórí ọ̀rọ̀ ẹnu àti ìwé: ìwàásù tó o gbọ́ tán tí ò fún ọkàn ẹ ní nǹkan kan, ìwé tó gbẹ táútáú, àròkọ tí ò lọ́ràá. Ìtumọ̀ tó jinlẹ̀ jù lára ẹ̀ nìyẹn, òun dẹ̀ ni dìkíṣọ́nárì fóònù mi fi sísàlẹ̀ níbi tí mi ò dé.

Ti ọmọdé yẹn ńkọ́? Ẹ̀yìn ló dé. Ìparí àwọn ọdún 1800 ló tó bẹ̀rẹ̀ sí í hàn nínú ìwé, ohun tí ọ̀pọ̀ onímọ̀ sì rò pé ó fà á ni pé àwọn èèyàn rí i pé ó jọ jeune àti juvenile, wọ́n wá ń lò ó bí ẹni pé ọmọ ìyá ni wọ́n. Ẹ ò rí nǹkan, àṣìṣe tí èmi náà ṣe lálẹ́ ọjọ́ yẹn gẹ́lẹ́ ni! Ìyàtọ̀ tó wà ńbẹ̀ ni pé àṣìṣe tiwọn pọ̀ débi tó fi wọnú dìkíṣọ́nárì, tèmi èébú ló fà. Àwọn kan ṣì wà tí wọ́n ń jà pé kò yẹ kéèyàn lò ó báyẹn, ní tèmi o, ìjà yẹn ti tán, ìtumọ̀ méjèèjì ló wà nílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ Látìnì míì ni jeune àwọn Faransé ti wá, èyí tó túmọ̀ sí ọ̀dọ́. Àmọ́ Faransé tún ní jeûne, tó dé fìlà lórí u, òun ni ààwẹ̀, òun gan-an ni ìbátan jejune. Fìlà kékeré kan ṣoṣo ló ya ọ̀dọ́ àti ààwẹ̀ sọ́tọ̀. Ó yẹ kó yé àwa tá a ní ọkọ, ọkọ́ àti ọkọ̀ ju ẹnikẹ́ni lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé a kì í fi àmì sí i tá a bá ń tẹ̀ ẹ́ sórí fóònù (èmi náà wà ńbẹ̀).

Ibi tí mo bá a dé yìí, ó yẹ kí n padà sídìí iṣẹ́ mi, àmọ́ mi ò lè fi í sílẹ̀ mọ́. Déjeuner, oúnjẹ ọ̀sán àwọn Faransé, ó dúró lórí gbòǹgbò yẹn náà, kéèyàn já ààwẹ̀ ni, táwa ń pè ní ìṣínu. Desayuno, oúnjẹ àárọ̀ lédè Sípéènì, bákan náà. Dinner àwọn Gẹ̀ẹ́sì pàápàá, ibẹ̀ ló ti rìn gba ọ̀dọ̀ Faransé wá. Èyí tó wù mí jù ni ti inú ara: ìfun kékeré èèyàn, ọ̀nà mẹ́ta ni wọ́n pín in sí, èyí tó wà láàárín ni wọ́n ń pè ní jejunum, torí pé nígbà táwọn oníṣègùn ayé àtijọ́ bá la òkú, òfìfo ni wọ́n sábà máa ń bá a. Ìfun tó ń gbààwẹ̀. Látìgbà tí mo ti mọ èyí, jejune ò lè sọnù lọ́wọ́ mi mọ́ láyé.

Ó wá ku bí mo ṣe máa mọ èwo lèwo. Ohun tí mo ṣe ni pé mo yọ jejune kúrò nínú gbólóhùn kọ̀ọ̀kan, mo fi "tó gbẹ" dípò ẹ̀, mo kà á, mo tún fi "bíi ti ọmọdé" dípò ẹ̀, mo kà á, mo wá wò ó èwo ló bá ohun tó yí i ká mu. Ní ti orí mẹ́ta yẹn, gbólóhùn tó tẹ̀ lé e gan-an ní òǹkàwé ò rí nǹkan dì mú, orúkọ ń tẹ̀ lé orúkọ ṣáá. Ó wà ńbẹ̀ kedere! Ìkánjú ni ò jẹ́ kí n rí i. Ní ti akọni, a ò lè sọ pé ìgbàgbọ́ ẹ̀ gbẹ, ìgbàgbọ́ ẹ̀ ti pọ̀ jù ni, torí náà ti ọmọdé ló bá a mu.

Mo wá lọ ka oríṣiríṣi ibi táwọn èèyàn ti lò ó kó lè dá mi lójú, mo sì kíyè sí i pé tó bá jẹ́ ìwé, ìwàásù, àlàyé olùkọ́ tàbí ìjíròrò ni wọ́n fi ń júwe, òfìfo ni wọ́n sábà ń sọ, tó bá sì jẹ́ èrò ọkàn èèyàn, ìrètí ẹ̀, ìgbàgbọ́ ẹ̀, bó ṣe rí ayé sí, àìgbọ́n ọmọdé ni. Èyí tó le ni tí wọ́n bá pe àríyànjiyàn ẹnì kan ní jejune. Ṣé kò lẹ́rìí tó gbè é lẹ́yìn ni àbí ó jọ ti ọmọ iléèwé? Méjèèjì lè jẹ́, nígbà míì mo rò pé ẹni tó kọ ọ́ gan-an fẹ́ fi òkúta kan pa ẹyẹ méjì ni. Ìdí nìyẹn témi fúnra mi ò fi ní máa kọ ọ́ síwèé. Tí mo bá fẹ́ sọ pé nǹkan gbẹ, màá sọ pé ó gbẹ.

Ẹ má lò ó fún ọmọ kékeré gan-an o, ẹ má sì sọ pé jejune lẹ wà torí pé ẹ ò tíì jẹun láti àárọ̀, ìlò yẹn ti kú. Àwọn kan máa ń kọ ọ́ ní jejeune, àṣìṣe ni, jeune yẹn ló ń tàn wọ́n. Bí wọ́n ṣe ń pè é, ó sún mọ́ "jìjúùn", ìdajì kejì ni kẹ́ ẹ gbé ohùn lé, kẹ́ ẹ sì jẹ́ kí lẹ́tà "n" tó gbẹ̀yìn yẹn dún dáadáa. Irú àwọn ọ̀rọ̀ atannijẹ báyìí pọ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì ṣá, noisome ò ní nǹkan kan ṣe pẹ̀lú ariwo, nǹkan tó ń rùn ni, restive náà kì í ṣe ìsinmi, ẹni tára ẹ̀ ò balẹ̀ ni.

Yorùbá ẹ̀ ló wá ku, ibẹ̀ ló sì gba àkókò mi jù. Mo kọ́kọ́ fẹ́ kọ pé orí mẹ́ta yẹn "tẹ́", bí nǹkan tí ò níyọ̀, ó dùn mọ́ mi nínú, kí n tó rántí pé Bàbá lè kà á bíi pé àwọn tẹ́, pé ojú ti àwọn. Mo pa á rẹ́. Mo ní kí n kọ "orí mẹ́ta òfìfo". Ha! Orí òfìfo, fún ẹni tó ti ń bínú tẹ́lẹ̀, kí n kúkú lọ bá wọn nílé kí n bú wọn. Mo pa ìyẹn náà rẹ́, mo ní kí n kúkú fi orí sílẹ̀, kí n lo abala. Níkẹyìn mo padà sídìí ààwẹ̀ yẹn, mo kọ ọ́ báyìí: "Téèyàn bá ka abala mẹ́ta àkọ́kọ́ tán, inú ẹ̀ á ṣì ṣófo bíi ti ẹni tó ń gbààwẹ̀, torí wọn ò lọ́ràá."

Ti akọni, mi ò fẹ́ lo ìgbàgbọ́ ọmọdé mọ́, torí àwọn onígbàgbọ́ máa ń fi yin èèyàn ni, pé kéèyàn ní ìgbàgbọ́ bíi tọmọdé. Gọ̀ ti le jù, akọni yẹn ò gọ̀, ayé ni ò tíì yé e. Mo wá kọ "ìgbàgbọ́ ẹni tójú ẹ̀ ò tíì là", ó jókòó síbẹ̀ dáadáa.

Mo fi tuntun ránṣẹ́, mo kọ àlàyé kékeré tì í, mo sì tọrọ àforíjì. Lọ́tẹ̀ yìí èmi ni mo pè.

"Bàbá, ṣé ẹ ti rí i?"

"Mo ti rí i. Ti abala mẹ́ta yẹn, òótọ́ ni, ìyá àwọn ọmọ ti sọ bẹ́ẹ̀ fún mi tẹ́lẹ̀, mi ò dá a lóhùn. Ṣùgbọ́n èkejì yẹn, tójú akọni ò tíì là, kí ló ń bá mi wí sí? Mo mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é bẹ́ẹ̀ ni. Tójú ẹ̀ bá ti là látìbẹ̀rẹ̀, ìtàn wo ni mo fẹ́ sọ?"

Mo padà lọ ka èsì yẹn lẹ́ẹ̀kan sí i, òótọ́ ni Bàbá sọ, ẹni yẹn ò fi ìyẹn bá wọn wí rárá, ńṣe ló kàn ń júwe akọni bó ṣe rí i. Èmi ni mo kọ gbogbo ẹ̀ bí ìbáwí. Mo tún gbólóhùn yẹn ṣe lẹ́ẹ̀kẹta kí n tó gbé iṣẹ́ náà sílẹ̀.